Kí Ló Dé Tí Ẹ Ò Fún Un Ní Lẹ́tà Náà?

Ojú wọn pàdé láàárín èrò.

Ọ̀sán Sátidé ni. Bọ́ọ̀sì tó ń lọ sí Camberwell ti dúró níwájú láíbúrárì Peckham, èrò sì ti kún un dé ẹnu ọ̀nà. Obìnrin kan pọn ọmọ, ó ń fi ẹsẹ̀ ti àpò iṣu síwájú. Àwọn ọmọ ilé-ìwé ń pariwo. Ìyá kan ń bú dírẹ́bà láti ẹ̀yìn wá bíi pé òun ló bí i. Rahmah wà láàárín gbogbo rẹ̀, ó di àga oníkẹ̀kẹ́ Madam Kaliopi mú, kò rí ọ̀nà lọ síwájú, kò sì rí ọ̀nà padà sẹ́yìn. Ó gbé ojú sókè láti bẹ àwọn èèyàn pé kí wọ́n jọ̀ọ́, kí wọ́n yà díẹ̀.

Ọ̀dọ́mọkùnrin kan ni ojú rẹ̀ bá pàdé. Ó ga, ó wọ jákẹ́ẹ̀tì búlúù tó ṣú, ó di irin òkè bọ́ọ̀sì mú, ó sì ń wo Rahmah bíi pé àwọn méjì péré ló wọ ọkọ̀ náà. Ariwo ò dá o, etí Rahmah ló dá. Ó gbé ojú kúrò, ó wo ilẹ̀.

Kó tó mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀, ọmọkùnrin náà ti gba ẹ̀yìn obìnrin oníṣu kọjá, ó ti bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó sì ti gbá iwájú àga náà mú. Ó ní kí Rahmah máa tì í bọ̀. Àga wọlé. Ó yíjú sí Madam, ó ní, “Ẹ kú ìrọ́jú, Mama,” kó tó rántí pé òyìnbó ni wọ́n. Madam Kaliopi mi orí sí i pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, bí ayaba tó gbọ́ gbogbo èdè ayé. Rahmah náà fẹ́ dúpẹ́, àmọ́ bàtà ọmọkùnrin náà ló ń dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀, torí kò lè wo ohun mìíràn. Nígbà tó máa fi gbójú sókè, bàtà ti sọ̀kalẹ̀, ẹni tó wọ̀ ọ́ náà sì ti bá a lọ.

“O tètè gbé ojú kúrò,” ni Madam sọ láì bojú wẹ̀yìn.

Rahmah ní òun ò mọ ohun tí wọ́n ń sọ.

“O mọ̀ ọ́n. Nínú iṣẹ́ tèmi, a kì í gbé ojú kúrò títí ẹni tí à ń wò á fi mí. Ẹni tó bá ń wò ọ́ tọkàntọkàn á gbàgbé láti mí. Dúró dè é. Bó bá ti mí, o ti rí òótọ́ rẹ̀ nìyẹn.”

Rahmah rẹ́rìn-ín. Bí wọ́n ṣe tọ́ ọ kọ́ nìyẹn. Nílé wọn, ojú ọmọ tó lẹ́kọ̀ọ́, ilẹ̀ ló ń wò: bí àgbà bá ń sọ̀rọ̀, ilẹ̀, bí ọkùnrin bá ń wò ó, ilẹ̀. Ó ti mọ gbogbo kápẹ́ẹ̀tì ilẹ̀ London dunjú.

Olùtọ́jú àwọn àgbà ni Rahmah. Iléeṣẹ́ kan ló ń rán an káàkiri Peckham láti ilé dé ilé, kó wẹ̀ wọ́n, kó fún wọn lóògùn, kó sì bá wọn jókòó díẹ̀ bí àyè bá wà. Ọjọ́ tó kọ́kọ́ dé ilé Madam Kaliopi Damaskou, lókè pátápátá ní ẹ̀sítéètì kan lẹ́yìn Peckham Road, ó rí àwòrán arẹwà obìnrin kan lára ògiri, ojú rẹ̀ tóbi, irun rẹ̀ dúdú bí èédú. Ó rò pé ọmọ wọn ni. Ó bi wọ́n léèrè ibi tí ọmọ náà ń gbé báyìí.

Madam na ẹsẹ̀ wọn òsì síwájú. “Inú orúnkún yìí ló ń gbé,” ni wọ́n wí.

Nídìí orúnkún yẹn gan-an ni Rahmah ti gbọ́ ìtàn wọn. Àràárọ̀ ló máa ń kúnlẹ̀ síwájú wọn, tó ń fi róòbù tó mú wá láti ilé ra orúnkún náà, tí Madam sì ń sọ ọ́ díẹ̀díẹ̀.

Èbúté ńlá kan ní ilẹ̀ Gíríìkì ni wọ́n bí wọn sí, ọmọ ẹni tó ń tún àwọ̀n ẹja ṣe. Abẹ́rẹ́ ló gbé wọn dé tíátà, wọ́n ń rán aṣọ àwọn òṣèré, wọ́n ń jókòó lẹ́yìn kọ́tìnnì, wọ́n sì ń fi etí kó gbogbo ọ̀rọ̀ eré sórí. Lọ́jọ́ kan, ọ̀kan nínú àwọn obìnrin elégbè ṣàìsàn. Ọ̀gá eré wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó da aṣọ dúdú bo ọmọ aránṣọ, ó sì tì í jáde sí gbàgede. Tíátà olókùúta ni, tí wọ́n gbẹ́ sára òkè, tí kò ní òrùlé, tí àwọn èèyàn jókòó yí i ká bí agbo. Madam ní nígbà tí òun la ẹnu, ohùn òun gun òkè náà lọ, ó sì padà wá bá òun bí ẹni tó lọ kí ìyá rẹ̀. Láti ọjọ́ náà, abẹ́rẹ́ tán.

Wọ́n di olórí òṣèré. Wọ́n ṣe ayaba, wọ́n ṣe opó, wọ́n ṣe ìyá tí ogun pa ọmọ rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni àwọn onífíìmù wá, fíìmù dúdú àti funfun ayé ìgbà yẹn, àwòrán wọn sì wà lára ògiri gbogbo ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀. Nígbà tí àwọn sójà gbàjọba ní ilẹ̀ wọn, àwọn sójà náà ránṣẹ́ pé kí Madam wá ṣeré níbi àjọyọ̀ àwọn. Madam dá wọn lóhùn pé ọ̀fun ń dun òun. Ọ̀fun náà ò sì sàn títí tí wọ́n fi wọ ọkọ̀ òfurufú wá sí London.

Níhìn-ín, wọ́n padà sídìí abẹ́rẹ́ lọ́sàn-án, wọ́n ń ṣeré nírọ̀lẹ́ fún àwọn ará ìlú wọn nínú yàrá kéékèèké lókè ṣọ́ọ̀bù. Wọ́n fẹ́ ọmọ Sáípírọ́ọ̀sì kan tó ń tún aago ṣe. Ọkùnrin jẹ́jẹ́ ni, ó ti kú. Ọlọ́run ò fún wọn lọ́mọ.

Ṣùgbọ́n nínú gbogbo eré tí wọ́n ṣe, ọ̀kan ṣoṣo ni ayé ò gbàgbé. Fíìmù èbúté ni. Obìnrin kan fẹ́ràn atukọ̀ kan, kò sì tíì sọ ọ́ fún un rí. Lọ́jọ́ tí ọkọ̀ fẹ́ gbéra, ó kọ lẹ́tà, ó sáré dé èbúté, ojú òun àti ti ọkùnrin náà pàdé láàárín èrò. Ó sọ ọ̀rọ̀ kan tí gbogbo Gíríìkì mọ̀ lórí, lẹ́yìn náà ọkọ̀ fọn fèrè, ó lọ, lẹ́tà sì kù sọ́wọ́ obìnrin náà. Fíìmù tán. Wọ́n ní àwọn èèyàn máa ń sunkún jáde ní sinimá bí ẹni tó ti ibi òkú dé.

Bí fíìmù yẹn ṣe gbé Madam ga náà ló ṣe há wọn mọ́. Lẹ́yìn rẹ̀, obìnrin tó pàdánù nìkan ni wọ́n ń fún wọn ṣe. Kò sì síbi tí wọ́n lè dé tí ẹnìkan ò ní dá wọn dúró: kí ló dé tí ẹ ò fún un ní lẹ́tà náà? Ìyá ẹlẹ́ja kan lọ́jà kọ̀ láti ta ẹja fún wọn títí wọ́n á fi dáhùn. Lọ́jọ́ ìsìnkú ọkọ wọn pàápàá, obìnrin kan di ọwọ́ wọn mú, ó bá wọn kẹ́dùn dáadáa, ó wá tẹ̀ sétí wọn, ó bi wọ́n.

“Ohun tí wọn ò mọ̀ ni pé mo fún un,” ni Madam sọ fún Rahmah láàárọ̀ ọjọ́ kan. “Bí ẹni tó kọ eré náà ṣe kọ ọ́ nìyẹn. Obìnrin náà la èrò kọjá, ó fi lẹ́tà náà lé e lọ́wọ́. Ọ̀gá tó ń náwó sí fíìmù ló ní rárá, ẹkún ló ń ta tíkẹ́ẹ̀tì. Mo wà lọ́mọdé, ẹ̀rù bà mí pé wọ́n á gba iṣẹ́ lọ́wọ́ mi. Mo dúró sójú kan, ọmọ mi. Mo sì ti dúró síbẹ̀ láti ìgbà náà.”

Wọ́n ní kí Rahmah gbé agolo bísíkíìtì orí kọ́bọ́ọ̀dù wá. Lẹ́tà náà wà nínú rẹ̀, lẹ́tà inú fíìmù náà gan-an, àpòòwé rẹ̀ ti pọ́n. Wọ́n jẹ́ kó ṣí i. Kò sí nǹkan kan nínú bébà náà. Wọ́n rẹ́rìn-ín sí ojú tí Rahmah ṣe, wọ́n ní fíìmù ni, ta ló fẹ́ kọ ọ́? Wọ́n wá ní ohun kan ṣoṣo lòun ṣì ń fẹ́ láyé yìí: kí òun gbé lẹ́tà náà fún un lẹ́ẹ̀kan péré, lójú àwọn tó ń bi òun léèrè, kí ọ̀rọ̀ náà tó sá kúrò lórí òun pátápátá.

Torí ọ̀rọ̀ ti ń sá. Rahmah ti rí i. Madam á gbé ife, wọ́n á gbàgbé pé àwọn gbé e. Wọ́n á pe Rahmah ní orúkọ àbúrò wọn tó ti kú. Àti ọ̀rọ̀ èbúté yẹn, tí wọ́n máa ń tún sọ láràárọ̀ nígbà tí Rahmah bá ń ra orúnkún wọn, wọ́n á dé àárín rẹ̀, wọ́n á dúró, wọ́n á máa wo fèrèsé títí ọ̀rọ̀ á fi padà wá. Àárọ̀ mìíràn kì í tètè padà.

Ní tíátà àtijọ́, ẹnìkan máa ń wà níbi ìkọ̀kọ̀ tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ láti máa sọ ọ̀rọ̀ sí òṣèré létí bó bá gbàgbé. Rahmah rò ó pé òun lè ṣe é. Ṣùgbọ́n báwo lèèyàn ṣe fẹ́ sọ ọ́? Ṣé kó wo ojú àgbà, kó ní, Madam, orí yín ti ń gbàgbé, ẹ jẹ́ kí n bá yín rántí? Ẹnu ọmọ Alhaja Nímọ́tà kọ́ ni irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ á ti jáde. Ó yáa dákẹ́, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í fi etí kó o.

Kò gbọ́ Gíríìkì o. Àmọ́ ọmọ ilé kéú ni. Láti kékeré ló ti ń jókòó síwájú Alfa Làtíìfù ní gbogbo òpin ọ̀sẹ̀, tí Alfa ń sọ, tí àwọn ọmọ ń gbà á lẹ́nu wọn láì tíì mọ ìtumọ̀ rẹ̀: bí Alfa ṣe fa ohùn ni kí o fà á, ibi tí wọ́n bá ti mí ni kí o ti mí, má fi kún un, má yọ nínú rẹ̀. Bẹ́ẹ̀ gẹ́lẹ́ ni Rahmah ṣe kó ọ̀rọ̀ Madam. Ọwọ́ rẹ̀ wà lórí orúnkún, etí rẹ̀ wà lẹ́nu wọn. Á wá máa kà á nínú bọ́ọ̀sì, á máa kà á nílé. Ìyá rẹ̀ gbọ́ ọ níbi tó ti ń dín dòdò, wọ́n rò pé àdúà tuntun ni, bó sì ṣe parí ni wọ́n fi ọwọ́ méjèèjì pa ojú, wọ́n ní, “Àmín, Yà Ọlọ́hun.” Ẹ bá mi rántí àmín yẹn.

Kí Sátidé bọ́ọ̀sì tó pé ọ̀sẹ̀ kan, Rahmah ṣílẹ̀kùn fún dírẹ́bà mínì-bọ́ọ̀sì tó máa ń wá gbé Madam ní Ọjọ́bọ̀, lọ síbi tí àwọn àgbà Gíríìkì ti ń jẹun ọ̀sán pọ̀ ní gbọ̀ngàn ṣọ́ọ̀ṣì wọn ní Camberwell. Dírẹ́bà tuntun ni wọ́n fi sí i. Rahmah kò tíì rí ojú rẹ̀ tó fi mọ̀ ọ́n. Ó mọ bàtà náà.

Yaqub ni orúkọ rẹ̀. Kennington ni wọ́n bí i sí, ọmọ Yorùbá bíi tiẹ̀, tó ń fi ohùn London sọ èdè ìyá rẹ̀, tí kò sì tijú rẹ̀. Ó ní, “Sister, ṣé ẹ ti rí àyè jókòó sí ní bọ́ọ̀sì ọjọ́ yẹn?” Rahmah dá bàtà lóhùn pé àwọn rí i.

Ọjọ́bọ̀ ń tẹ̀lé Ọjọ́bọ̀. Yaqub ò mọ bí wọ́n ṣe ń wakọ̀ kí ẹnu dákẹ́. Á máa bá Madam ṣe yẹ̀yẹ́, á bi wọ́n bóyá wọ́n á mú òun lọ ṣe fíìmù, Madam á ní etí rẹ̀ ti tóbi jù fún kámẹ́rà. Á ra bọ́rẹ́dì Gíríìkì tó ní èso sísámù lórí ní ṣọ́ọ̀bù Camberwell, á fún Madam ní tiwọn, á fi ìkejì sórí àga lẹ́gbẹ̀ẹ́ Rahmah láì sọ nǹkan kan. Rahmah á jẹ ẹ́ nílé, díẹ̀díẹ̀, bí ẹni tí kò fẹ́ kó tán. Ṣùgbọ́n kò wo ojú rẹ̀. Yaqub wá bi Madam lọ́jọ́ kan bóyá òun ṣẹ ọmọ náà ni. Madam ní òun kì í ṣe ẹnu rẹ̀, kó lọ bi ẹni tó ni ẹnu.

Ìgbà náà ni obìnrin akọ̀wé ẹgbẹ́ àwọn àgbà mú ọ̀rọ̀ wá. Ní Ọjọ́bọ̀ kan báyìí, wọ́n fẹ́ fi apá ìparí fíìmù èbúté hàn ní gbọ̀ngàn náà lẹ́yìn oúnjẹ, kí Madam wá dìde kí àwọn èèyàn. Madam ní òun ò kí ẹnikẹ́ni. Kí wọ́n pa fíìmù náà kí ọkọ̀ tó gbéra. Òun fúnra òun lòun á parí rẹ̀.

Akọ̀wé ní òṣèré tó ṣe atukọ̀ ti kú, Ọlọ́run á tẹ́ ẹ sáfẹ́fẹ́ rere. Madam na ìka sí ẹnu ọ̀nà, níbi tí Yaqub dúró sí pẹ̀lú jákẹ́ẹ̀tì búlúù, tó ń fi kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀ ṣeré. Wọ́n ní, “Ìyẹn. Ó ti ní ojú rẹ̀ tẹ́lẹ̀.”

Yaqub gbà, ó ní kò burú. Ó wá rẹ ohùn sílẹ̀, ó ní ó tiẹ̀ dáa bó ṣe bọ́ sí ọjọ́ yẹn, torí ìgbà ìkẹyìn tí òun máa wakọ̀ gba ọ̀nà yìí nìyẹn. Wọ́n ti ní kí òun bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ìhà Surrey Quays.

Ẹ̀yin tí ẹ mọ London, ẹ lè máa rẹ́rìn-ín. Surrey Quays ò jìnnà, kì í ṣe Amẹ́ríkà. Ṣùgbọ́n lójú Rahmah, ibi tí àwọn ọkọ̀ ojú omi ń gúnlẹ̀ sí láyé àtijọ́ ni, ó sì gbọ́ fèrè ọkọ̀ náà nínú àyà rẹ̀ kedere.

Ọjọ́ pé. Gbọ̀ngàn kún. Àwọn ìyá arúgbó wọ aṣọ tó dáa, àwọn bàbá fá irùngbọ̀n, àwọn ọmọ-ọmọ wọn dúró lẹ́yìn. Wọ́n ti àwọn fèrèsé pa, wọ́n tan fíìmù sára ògiri. Ojú ńlá inú àwòrán ilé Madam yọ, ó ń wá ẹnìkan láàárín èrò, ó rí i. Akọ̀wé tẹ nǹkan, àwòrán dúró lójú yẹn gẹ́lẹ́, iná tàn, Madam Kaliopi sì wà lórí pèpéle, wọ́n wọ aṣọ dúdú, wọ́n fi ọwọ́ kan di ẹ̀yìn àga mú, wọ́n fi ìkejì di lẹ́tà. Yaqub wà ní òpin kejì, ó gbé báàgì kọ́ èjìká. Rahmah wà lẹ́yìn kọ́tìnnì.

Madam bẹ̀rẹ̀. Ohùn tó jáde kì í ṣe ti obìnrin tó ń béèrè oògùn rẹ̀ láràárọ̀. Ohùn orí òkè ni, ó kún gbọ̀ngàn, ó kan òrùlé. Ọ̀rọ̀ ń lọ, ó ń lọ, títí tó fi dé ibi tí ó ń wí pé, “Ì tàlásà tà pẹ́nì ólà,” òkun a máa kó ohun gbogbo lọ.

Wọ́n dúró. Wọ́n wo Yaqub. Wọ́n wo lẹ́tà ọwọ́ wọn. Rahmah rí i tí wọ́n yíjú sí fèrèsé, bí wọ́n ṣe máa ń ṣe nílé, ó sì mọ̀ pé kì í ṣe eré. Ọ̀rọ̀ ti sá. Ìyá kan níwájú bẹ̀rẹ̀ sí í fi gèlè nu ojú. Bí ó bá parí síbẹ̀, Madam á tún dúró sójú kan náà, lẹ́tà lọ́wọ́, lójú gbogbo wọn.

Rahmah fi ẹnu kan kọ́tìnnì, ó sì kà á jẹ́jẹ́, bí Alfa ṣe kọ́ ọ, kò fi kún un, kò yọ nínú rẹ̀: “Ọ́ọ̀, tò gọ́nàtó mù. Sìgá, kọ́rì mù. Fẹ́rẹ̀ mù tò sáì.”

Òṣèré tó bá ti dàgbà sẹ́nu iṣẹ́ kì í bá ẹni tó ń rán an létí jiyàn. Ohun tí etí bá gbà ni ẹnu ń sọ. Madam gbé orí sókè, wọ́n na ọwọ́ sí òkun, wọ́n sì fi ohùn ayaba tí ogun pa ọmọ rẹ̀ ké sí gbogbo gbọ̀ngàn pé: yéè, orúnkún mi o, rọra, ọmọ mi, gbé tíì mi wá.

Àwọn arúgbó wo ara wọn lójú. Lẹ́yìn náà, ẹ̀rín bú.

Ó yẹ kí n ṣàlàyé. Ibì kan náà ni Rahmah máa ń dé láràárọ̀ bí Madam bá dé ibi òkun: ẹ̀gbẹ́ inú orúnkún, níbi tó ń dùn wọ́n jù. Gbogbo ìgbà ni wọ́n ń ké síbẹ̀, gbogbo ìgbà ni wọ́n sì ń béèrè tíì tẹ̀lé e, kí wọ́n tó máa bá ọ̀rọ̀ lọ. Rahmah kó gbogbo rẹ̀ pọ̀. Kò kà á sétí Madam rí, torí kò fẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé òun ti rí àìlera wọn. Orúnkún yìí náà ni Alhaja Nímọ́tà ṣe àmín sí.

Rahmah ò mọ ohun tó sọ. Ẹ̀rín nìkan ló gbọ́. Ó rò pé òun ti dójú ti àgbà láwùjọ, omi sì lé ròrò sójú rẹ̀.

“Rahmah,” ni Madam pè, “jáde wá.”

Ó jáde, ó kúnlẹ̀ lórí pèpéle níwájú gbogbo èèyàn, ó wo ilẹ̀.

“Ta ló kọ́ ọ?”

“Ẹ̀yin ni, Madam.”

Madam wò ó títí. Ẹ̀rín ń jà lẹ́nu wọn, omi ń bọ̀ lójú wọn. Wọ́n fi ọwọ́ tó di lẹ́tà gbé àgbọ̀n Rahmah sókè. Wọ́n ní kó dìde, kó di apá àwọn mú, orúnkún táwọn ń ké fún náà ò lè dá rìn. Wọ́n sì kọjú sí àwọn èèyàn wọn, wọ́n bá wọn sọ̀rọ̀ lédè wọn, kì í ṣe ọ̀rọ̀ eré. Akọ̀wé sọ ìtumọ̀ rẹ̀ fún Rahmah lẹ́yìn náà: pé ẹkún yín ni ọkùnrin kan fẹ́, èmi sì gbọ́ràn sí i lẹ́nu, ẹ ti sunkún tó.

Wọ́n tẹ etí sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹnu Rahmah. “Kí ló kù?”

Rahmah sọ èyí tó kù, ẹyọ ọ̀rọ̀ kan lẹ́yìn òmíràn, Madam sì ń gbé e sókè lẹ́yìn rẹ̀, pé ṣùgbọ́n òkun ò lè kó orúkọ rẹ kúrò lẹ́nu mi. Nígbà tó fi máa parí, àwọn arúgbó inú gbọ̀ngàn náà ti ń bá wọn sọ ọ́, wọ́n ń rọra sọ ọ́ bí ẹni tó ń sọ̀rọ̀ lójú oorun.

Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í rìn. Pèpéle náà ò gùn, ṣùgbọ́n fún orúnkún yẹn, èbúté gidi ni. Ìgbésẹ̀ kan, wọ́n sinmi. Òmíràn, wọ́n sinmi. Yaqub fẹ́ wá pàdé wọn, Madam fi ojú dá a dúró. Nígbà tí wọ́n dé iwájú rẹ̀, Madam fi ara ti Rahmah. Wọ́n mú ọwọ́ Rahmah, wọ́n fi lé orí lẹ́tà náà, wọ́n sì fi tiwọn lé orí rẹ̀.

“Wò ó,” ni wọ́n sọ létí rẹ̀.

Rahmah gbé ojú sókè. Kì í ṣe bàtà. Kì í ṣe jákẹ́ẹ̀tì. Ó wo ojú Yaqub, ẹ̀rù bà á, kò gbé ojú kúrò. Fíìmù dúró lára ògiri lẹ́yìn wọn, ọkọ̀ náà kò lè gbéra. Yaqub ò mira. Ó wò ó, ó wò ó, àyà rẹ̀ dúró gbọin bí ẹni tó ti gbàgbé ohun tí afẹ́fẹ́ wà fún.

Lẹ́yìn náà, ó mí.

Ó sọ báàgì kalẹ̀. Atukọ̀ inú fíìmù ò ṣe bẹ́ẹ̀, àmọ́ ọmọ ilé ire ni: ó bẹ̀rẹ̀ síwájú àgbà, ó na ọwọ́ méjèèjì, ó sì gba lẹ́tà náà lọ́wọ́ wọn.